Rédíétọ̀ mi ń jò lẹ́gbẹ̀ẹ́: ṣé mo lè fọwọ́ ara mi pààrọ̀ rẹ̀ nílé?

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Ẹtì, 7:12 alẹ́)

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin àgbà. Ẹ dákun, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ kan.

Ọkọ̀ mi ń mu omi. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta báyìí tó jẹ́ pé bí mo bá ṣí bọ́nẹ́ẹ̀tì láàárọ̀, omi inú ike ẹ̀gbẹ́ rédíétọ̀ á ti lọ sísàlẹ̀ àmì. Màá bù ú kún, tó bá di ọjọ́ kejì á tún ti fà. Ọwọ́ gééjì ooru kì í kọjá àárín, àfi lọ́jọ́ Rú tí mo wà nínú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ, ló bá gun òkè díẹ̀. Mo pa éésì, ó sì padà wálẹ̀. Lánàá mo gbé tọ́ọ̀ṣì, mo wo ara rẹ̀ fínnífínní. Lọ́wọ́ òsì, níbi tí ike dúdú ti pàdé alumíní, mo rí ìlà funfun kan tó gbẹ bí iyọ̀, àwọ̀ ewé díẹ̀ wà lára rẹ̀.

Ọ̀rẹ́ mi kan ní kí n ra ìyẹ̀fun tí wọ́n ń dà sínú rédíétọ̀ láti fi dí ihò, kí n gbàgbé. Èmi ń rò ó pé kí n kúkú ra tuntun, kí n pààrọ̀ rẹ̀ fúnra mi lópin ọ̀sẹ̀ yìí. Ọ́tómátíìkì ni gíà rẹ̀, éésì rẹ̀ ń ṣiṣẹ́. Iṣẹ́ ọkọ̀ tí mo ti ṣe rí kò ju bátìrì àti bíréékì-páàdì lọ. Ṣé mo lè ṣe é, àbí ẹ̀tẹ́ ni mo fẹ́ fowó ara mi rà?

BàbáSípánà (Ẹtì, 7:50 alẹ́)

Wàá ṣe é, ọmọ mi. Yíyọ rédíétọ̀ àti fífi òmíràn síbẹ̀, iṣẹ́ ìdajì ọjọ́ ni fún ẹni tí kò ṣe é rí. Kì í ṣe ibẹ̀ ló ti ń bàjẹ́. Ó ń bàjẹ́ ṣáájú, nígbà tí èèyàn ò tíì mọ ibi tí omi ń gbà lọ tó ti sáré ra ọjà. Ó sì tún ń bàjẹ́ lẹ́yìn, nígbà tí afẹ́fẹ́ bá há sínú ẹ́ńjìnnì tí onítọ̀hún sì rò pé omi ti kún. Ti ẹ̀yìn yẹn, a máa sọ ọ́ nígbà tó o bá débẹ̀.

Ìlà funfun tó o rí yẹn jọ ọ́ lóòótọ́. Rédíétọ̀ ayé àtijọ́, bàbà ni látòkè délẹ̀, òjé ni wọ́n fi ń jó o pọ̀. Bó bá jò, a ó tún fi òjé dí i, ó parí. Ti òde òní, alumíní ni àárín rẹ̀, ike ni àpótí ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, wọ́n á ká etí alumíní mọ́ ike, wọ́n á fi róbà sáàárín. Gbígbóná àti títutù ojoojúmọ́ ló ń gbẹ ike yẹn títí tó fi ń sán, róbà náà ò sì ní lè mú un mọ́. Kò sí gọ́ọ̀mù tó ń pẹ́ níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n má tíì ra nǹkan kan. Tẹ kápẹ́ẹ̀tì tó wà lẹ́sẹ̀ ẹni tó ń jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ awakọ̀. Bó bá tutù, tí òórùn dídùn kan ń bá atẹ́gùn híítà jáde, tí gíláàsì iwájú ń ṣú láti inú, rédíétọ̀ kékeré ti híítà ló ń jò, kì í ṣe ti iwájú. Fa ọ̀pá tí wọ́n fi ń wọn ọ́ìlì yọ. Bí ọ́ìlì bá ti dà bíi wàrà, tàbí tí èéfín funfun kò yé tú jáde nídìí ọkọ̀ lẹ́yìn tí ẹ́ńjìnnì ti gbóná tán, gásíkẹ́ẹ̀tì orí ẹ́ńjìnnì, ìdí tó ń ya omi àti ọ́ìlì sọ́tọ̀ níbẹ̀, ni kó o lọ yẹ̀ wò, rédíétọ̀ mẹ́wàá ò lè wo ìyẹn sàn. Lẹ́yìn náà, yá pọ́ǹpù tí wọ́n fi ń dán prẹ́ṣọ̀ wò, èyí tó ní gééjì lórí, tó ń wọ ẹnu rédíétọ̀ bí ìdérí. Fún un dé iye tí wọ́n kọ sórí ìdérí rédíétọ̀ rẹ, kó má kọjá bẹ́ẹ̀, kó o sì jókòó tì í.

Ọkọ̀ tútù ni mo ń sọ o. Bí ẹ́ńjìnnì bá gbóná, má fọwọ́ kan ìdérí yẹn.

ÌyáÌbejì_OníMọ́tò (Ẹtì, 8:31 alẹ́)

Ẹ jẹ́ kí n gbe ọ̀rọ̀ Bàbá lẹ́sẹ̀. Àpá kan wà lápá ọ̀tún mi láti ìgbọ̀nwọ́ dé ọrùn ọwọ́. Mo ní kí n kàn tú ìdérí díẹ̀ kó lè mí. Omi inú rẹ̀ ti kọjá 100°C, prẹ́ṣọ̀ nìkan ni kò jẹ́ kó hó. Bí mo ṣe tú u báyìí, ó di oru gbùúù, àkísà tí mo fi dì í mú kò gbà mí.

Ní ti ìyẹ̀fun ìdíhò, àbúrò, mo ti lò ó rí. Ó dí ihò lóòótọ́, ó tó ọ̀sẹ̀ márùn-ún. Lẹ́yìn náà híítà kò gbóná mọ́. Nígbà tí a tú họ́ọ̀sì rẹ̀, ẹrẹ̀ pupa ló kún ibẹ̀ dípò omi. Ìyẹ̀fun yẹn ò mọ ihò yàtọ̀ sí ojú ọ̀nà omi. Bó o bá há sójú títì níbi tí kò séèyàn, tó o dà á sí i kó lè gbé ọ délé, mi ò ní bá ọ jà. Ọkọ̀ tó ti wà nílé ńkọ́?

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àbámẹ́ta, 8:05 àárọ̀)

Ẹ ṣé sà, ẹ ṣé mà. Kápẹ́ẹ̀tì gbẹ. Ọ́ìlì mọ́, kò sí èéfín. Mo yá pọ́ǹpù náà lọ́wọ́ aládùúgbò kan tó ń ṣiṣẹ́ ọkọ̀. 1.1 ni wọ́n kọ sórí ìdérí tèmi, ó ní báà ni, ìwọ̀n prẹ́ṣọ̀, pé ó tó 16 psi. Mo fún un dé 15, mo jókòó tì í. Láàárín ìṣẹ́jú mẹ́wàá ó ti wálẹ̀ sí 9, omi sì ń kán tó, tó, tó, níbi ìlà funfun yẹn gan-an.

Rédíétọ̀ tuntun ti wà nílẹ̀, mo ti ra kúláńtì, omi olóògùn tí wọ́n ń dà sínú rẹ̀. Níbo ni mo ti máa bẹ̀rẹ̀?

BàbáSípánà (Àbámẹ́ta, 8:47 àárọ̀)

Gbé tuntun jáde nínú páálí rẹ̀ kó o tó tú ohunkóhun. Fi wé èyí tó wà lára ọkọ̀: fífẹ̀ ẹnu họ́ọ̀sì méjèèjì, ibi tí páìpù epo gíà ń wọ̀, ihò ṣẹ́ńsọ̀ bó bá ní, ẹsẹ̀ ike méjì tó fi ń dúró nísàlẹ̀. Ẹni tó bá da omi ọkọ̀ nù tán kó tó rí i pé ọjà tí òun rà kò bá a mu, ẹsẹ̀ ló máa fi rìn lọ pààrọ̀ rẹ̀.

Tú orí nẹ́gétíìfù bátìrì. Fáànù oníná lè dédé bẹ̀rẹ̀ sí í yí nígbà tí kọ́kọ́rọ́ wà nínú àpò rẹ pàápàá, ìka rẹ á sì wà lágbègbè ibẹ̀. Bó o bá ní láti gbé iwájú sókè, orí ẹsẹ̀ irin ni kó jókòó lé. Má wọ abẹ́ ọkọ̀ tó jẹ́ pé jáàkì nìkan ló gbé e dúró.

Gbé bàsíà sábẹ́, ṣí ìdérí òkè, kó o wá tú kọ́ọ̀kì kékeré tó wà nísàlẹ̀. Ike ni kọ́ọ̀kì yẹn sábà máa ń jẹ́. Bó bá lẹ̀, fi í sílẹ̀, kó o fa họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀ yọ dípò rẹ̀, ṣùgbọ́n gbé ojú rẹ kúrò nítòsí, nítorí kò ní kán, yóò ya lulẹ̀ ni. Nǹkan kan wà tí mo fẹ́ kó o ṣe níbí tí ọ̀pọ̀ èèyàn kì í ṣe: wọn ohun tó jáde. Dà á sínú kẹ́ẹ̀gì tó ní àmì lítà, kọ iye rẹ̀ sílẹ̀. Má tíì bi mí nídìí.

Fi fóònù ya àwòrán ibi tí gbogbo wáyà àti họ́ọ̀sì wà. Fa púlọ́ọ̀gì fáànù yọ, tú ike tó yí fáànù ká, gbé òun àti fáànù jáde pọ̀. Họ́ọ̀sì òkè, họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀, họ́ọ̀sì tẹ́ẹ́rẹ́ tó lọ sínú ike omi. Níwọ̀n bó ti jẹ́ ọ́tómátíìkì, páìpù méjì mìíràn wà níbẹ̀. Epo gíà ló ń gbà wọ inú àpótí ẹ̀gbẹ́ rédíétọ̀ kó lè tutù, kó sì padà. Epo pupa á kán jáde níbẹ̀, má bẹ̀rù. Fi ọ̀rá mímọ́ dì wọ́n lẹ́nu kí iyanrìn má bàa wọ̀ ọ́, nítorí iyanrìn ni ikú gíà.

Èyí tó wà níwájú rédíétọ̀, tó jọ ọ́ bí ìbejì, kọ́ńdẹ́ńsà éésì ni. Má tú páìpù rẹ̀ kankan. Gáàsì tó wà nínú rẹ̀ lè fi òtútù jó awọ àti ojú. Nínú ọkọ̀ mìíràn, bóòtù kéékèèké ni wọ́n fi so ó mọ́ rédíétọ̀. Tú àwọn bóòtù yẹn nìkan, kó o fi okùn so kọ́ńdẹ́ńsà mọ́ irin iwájú kó má bàa fì. Gé páálí kan, kó o kì í bọ àárín àwọn méjèèjì kó o tó fa rédíétọ̀ sókè. Ewé alumíní yẹn fẹ́lẹ́ débi pé èékánná ń tẹ̀ ẹ́, gbogbo ewé tó bá sì tẹ̀ ti dínà mọ́ atẹ́gùn nìyẹn.

Nígbà tó bá jáde tán, wo ẹsẹ̀ rẹ̀. Róbà méjì ló wà níbẹ̀ tó ń gba ìgbọ̀nrìrì. Ọ̀kan á jókòó sínú ọkọ̀, èkejì á lẹ̀ mọ́ rédíétọ̀ àtijọ́, wọ́n á sì gbé e jù nù pẹ̀lú rẹ̀.

Tuntun náà, bí àtijọ́ ṣe jáde ni kó ṣe wọlé, láti ẹ̀yìn wá síwájú. Kí o sì dákun, pa kọ́ọ̀kì tuntun dé kó o tó da kúláńtì. Má rẹ́rìn-ín. Èmi tí mò ń sọ̀rọ̀ yìí ti fi odindi kẹ́ẹ̀gì kan fọ bàtà mi rí.

OmiLásán (Àbámẹ́ta, 9:20 àárọ̀)

Mo rí i pé ó ti ra kúláńtì. Kí ló fẹ́ fi ṣe? Ó di ọdún méjìlá tí mo ti ń da omi ẹ̀rọ lásán sí tèmi. Omi kì í dì lọ́dọ̀ mi. Ẹ má fi ìmọ̀ràn gba owó lọ́wọ́ ọmọ ọlọ́mọ.

Kẹ́mísírìNiMí (Àbámẹ́ta, 9:58 àárọ̀)

Ẹ kú àárọ̀, ẹ̀gbọ́n OmiLásán. Dídì omi kọ́ ni gbogbo ọ̀rọ̀. Ní ti ká gbé ooru, omi lásán gbé e ju àpòpọ̀ lọ, n kò jiyàn ìyẹn. Àmọ́ omi ẹ̀rọ ní iyọ̀ ilẹ̀ nínú, yóò lẹ̀ mọ́ ara páìpù tẹ́ẹ́rẹ́ rédíétọ̀ bó ṣe ń lẹ̀ mọ́ ìdí kẹ́tùlù. Alumíní àti irin tó wà pọ̀ nínú ẹ́ńjìnnì kan, omi lásán á máa jẹ wọ́n. Oògùn tó ń dènà ìpẹtà wà nínú kúláńtì, ohun tí a ń rà gan-an nìyẹn. Bákan náà, ó ń pẹ́ kó tó hó. Ìdajì kúláńtì pẹ̀lú ìdajì omi máa ń hó ní bíi 107°C láìsí prẹ́ṣọ̀. Bí ìdérí bá di prẹ́ṣọ̀ báà kan mú, ó di bíi 129°C. Omi lásán lábẹ́ ìdérí kan náà, bíi 120°C ni.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́, ẹ wo ara kẹ́ẹ̀gì yín bóyá ògidì ni tàbí wọ́n ti pò ó tẹ́lẹ̀. Bó bá jẹ́ ògidì, ẹ fi omi dísítíìlì lù ú ní ìdajì-ìdajì. Ẹ má rò pé ògidì nìkan á dára jù: kò gbé ooru tó, ó sì yani lẹ́nu pé òun gan-an ló tètè ń dì, ní nǹkan bí -13°C, nígbà tí ìdajì-ìdajì kò ní dì títí di nǹkan bí -37°C. Ẹ má fi àwọ̀ yàn án. Aláwọ̀ ewé, pupa, búlúù, ilé-iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan ló ń pa á láró bó ṣe wù wọ́n. Ohun tí ìwé ọkọ̀ yín kọ ni kí ẹ rà. Bí irú méjì tí kò bára mu bá pàdé, oògùn wọn lè pa ara wọn, nígbà mìíràn ó lè ki bí ògì.

Ẹ bo bàsíà yẹn o. Ó dùn lẹ́nu, ajá àti ológbò máa ń lá a, díẹ̀ ló sì máa ba kíndìnrín wọn jẹ́ pátápátá. Ọmọdé náà ńkọ́? Ẹ má dà á sí gọ́tà, ẹ dà á sínú kẹ́ẹ̀gì, kẹ́ ẹ gbé e lọ síbi tí wọ́n ń gba irú rẹ̀.

OmiLásán (Àbámẹ́ta, 10:15 àárọ̀)

Mo ti gbọ́. Rédíétọ̀ tèmi ò sáà jò.

ÌyáÌbejì_OníMọ́tò (Àbámẹ́ta, 10:17 àárọ̀)

Ẹ̀gbọ́n, pọ́ǹpù omi mélòó lẹ ti pààrọ̀ láàárín ọdún méjìlá yẹn?

OmiLásán (Àbámẹ́ta, 10:40 àárọ̀)

Mẹ́ta.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àbámẹ́ta, 12:26 ọ̀sán)

Ẹ gbà mí o. Omi ti jáde, mo ti wọ̀n ọ́n, mo ti kọ ọ́ sílẹ̀. Fáànù ti jáde. Ohun méjì ló dá mi dúró. Họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀ ti lẹ̀ pinpin bí ẹni pé wọ́n jó o mọ́ ọn. Èkejì, nọ́ọ̀tì páìpù epo gíà kan: bí mo bá ń yí i, páìpù náà ń bá a yí. Mo ti dúró kí n má bàa ṣẹ́ nǹkan.

ÌyáÌbejì_OníMọ́tò (Àbámẹ́ta, 12:34 ọ̀sán)

O ṣeun tó o dúró. Páìpù tó bá lọ́ tán, kò sẹ́ni tó lè nà án padà.

Sípánà méjì ni kó o lò. Ọ̀kan di irin tó wọ inú rédíétọ̀ mú kó má mì, èkejì ni kó o fi tú nọ́ọ̀tì. Bó o bá rí sípánà tí ẹnu rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ yí nọ́ọ̀tì ká tán, tó jẹ́ àlàfo kékeré tí páìpù lè gbà wọlé nìkan ló ṣí sílẹ̀, òun ló dáa jù, kò ní jẹ orí nọ́ọ̀tì. Kọ́kọ́ fín epo atúpẹtà sí ìdí rẹ̀, lọ jókòó fún ogún ìṣẹ́jú. Mo ní kó o lọ jókòó, má dúró tì í kó o máa fọwọ́ dán an wò.

Ní ti họ́ọ̀sì, ti kílíìpù rẹ̀ sẹ́yìn dáadáa, kó o gbá họ́ọ̀sì mú, kó o lọ́ ọ sọ́tùn-ún sósì bí ẹni ń fún aṣọ. Má fà á. Fífà ló ń mú un fún pọ̀ mọ́ ọrùn. Bó bá kọ̀, fi ọ̀bẹ là á ní gígùn, kó o ra òmíràn. Rédíétọ̀ yẹn ń lọ sí ààtàn tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ẹ̀gbẹ́ ẹ́ńjìnnì lo ti ń ṣe é, má jẹ́ kí ọ̀bẹ kan irin.

Nígbà tó o bá ń fi nọ́ọ̀tì epo gíà sí tuntun, ìka ni kó o fi bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Kó yí rọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀mẹta tàbí ẹ̀ẹ̀mẹrin kí sípánà tó débẹ̀. Bó bá gba ẹ̀gbẹ́ wọlé, ó ti jẹ ojú ihò nìyẹn, rédíétọ̀ tí kò tíì rí omi rí á di aláìsàn.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àbámẹ́ta, 5:03 ìrọ̀lẹ́)

Mo ti fi í sí! Mo la họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀, mo fi tuntun rọ́pò rẹ̀. Nọ́ọ̀tì páìpù gíà tú pẹ̀lú sípánà méjì, ó ké "kíṣẹ́" lẹ́ẹ̀kan péré. Róbà ẹsẹ̀ kan wà lára àtijọ́ bí Bàbá ṣe sọ, mo ti gbé rédíétọ̀ náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ààtàn kí n tó rántí, mo sáré lọ yọ ọ́. Kọ́ọ̀kì, mo pa á dé.

Ṣùgbọ́n ayọ̀ mi ò tíì kún. Mo da kúláńtì títí ó fi dé ẹnu rédíétọ̀, mo dé e, mo tan ọkọ̀. Kò jò níbì kankan. Lẹ́yìn bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ọwọ́ gééjì kọjá àárín, ó ń gòkè. Mo tan híítà, atẹ́gùn tútù ló ń fẹ́ jáde. Họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀ tutù. Mo pa á lójú ẹsẹ̀. Ṣé tẹ́mósítáàtì, ilẹ̀kùn kékeré tó ń jẹ́ kí omi gbígbóná lọ sínú rédíétọ̀, ló bàjẹ́ ni? Àbí rédíétọ̀ tuntun ọ̀hún ló dí?

BàbáSípánà (Àbámẹ́ta, 5:11 ìrọ̀lẹ́)

O ṣe dáadáa tó o pa á. Mélòó ló jáde láàárọ̀?

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àbámẹ́ta, 5:13 ìrọ̀lẹ́)

Lítà 5, ó lé díẹ̀.

BàbáSípánà (Àbámẹ́ta, 5:14 ìrọ̀lẹ́)

Mélòó ló wọlé?

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àbámẹ́ta, 5:20 ìrọ̀lẹ́)

Ẹ jẹ́ kí n wo kẹ́ẹ̀gì… 3 àti àbọ̀. Háà.

BàbáSípánà (Àbámẹ́ta, 5:38 ìrọ̀lẹ́)

Ìdí tí mo fi ní kó o wọ̀n ọ́n nìyẹn. Lítà kan àbọ̀ kò sí níbẹ̀, afẹ́fẹ́ ló gba ipò rẹ̀. Afẹ́fẹ́ yẹn máa ń sá lọ síbi tó ga jù, nínú orí ẹ́ńjìnnì, nínú híítà, àti lábẹ́ tẹ́mósítáàtì. Tẹ́mósítáàtì ńkọ́, omi gbígbóná ló gbọ́dọ̀ fọwọ́ kàn án kó tó ṣí, láàárín 82 sí 95°C, bí ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan bá ṣe rí. Bó bá jẹ́ afẹ́fẹ́ ló wà lára rẹ̀, ẹ́ńjìnnì á máa jóná, òun á pa ẹnu dé. Ìyẹn ni họ́ọ̀sì ìsàlẹ̀ ṣe tutù. Má ra tẹ́mósítáàtì nítorí ìyẹn.

Jẹ́ kó tutù pátápátá. Bó bá tó wákàtí méjì, kó gbà á. Lẹ́yìn náà, gbé iwájú ọkọ̀ sí ibi tó ga, kí ẹnu rédíétọ̀ lè ga ju gbogbo ibi yòókù lọ. Ṣí ìdérí nígbà tó ti tutù, ki àrọ bọ ẹnu rẹ̀. Yí híítà sí ibi tó gbóná jù, kí atẹ́gùn rẹ̀ wà ní kékeré. Ṣé skúrù kékeré kan wà nítòsí ibi tí họ́ọ̀sì òkè ti wọ ẹ́ńjìnnì? Nínú ọkọ̀ tó bá ní i, ihò tí afẹ́fẹ́ ń gbà jáde nìyẹn. Tú u díẹ̀, máa da kúláńtì díẹ̀díẹ̀. Yóò kọ́kọ́ tutọ́, yóò máa fọ́n fúú fúú. Nígbà tí omi bá wá ń jáde láìdá, tí kò ní èéfóò, dè é padà.

Tan ọkọ̀, má tẹ̀ ẹ́, jẹ́ kó máa dún jẹ́jẹ́. Wọ ìbọ̀wọ́, máa fún họ́ọ̀sì òkè bí ẹni ń fún kànrìnkàn, wàá rí èéfóò nínú àrọ. Bí omi bá ṣe ń lọ sílẹ̀ ni kó o máa bù kún un. Ìgbà tí tẹ́mósítáàtì bá ṣí, wàá mọ̀: omi inú àrọ á ṣàdédé rì. Tún kún un. Dúró títí fáànù á fi yí, tó fi máa dúró, tó fi máa tún yí. Ojú rẹ ò gbọ́dọ̀ kúrò lára gééjì ní gbogbo àkókò yìí. Bó bá gòkè, pa á, kó o tún bẹ̀rẹ̀ lọ́la.

Nígbà tí iye tó wọlé bá fẹ́rẹ̀ẹ́ bá iye tó jáde dọ́gba, o ti débẹ̀.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Àìkú, 11:48 àárọ̀)

Mo dúró di àárọ̀ yìí. Skúrù náà wà níbẹ̀ lóòótọ́, ìdọ̀tí ló bò ó. Mo tú u, ó tutọ́ sí mi lọ́wọ́ bí ọmọ ọwọ́, ó ń fọ́n, ó ń dákẹ́, títí tí omi aláwọ̀ ewé fi ń jáde tẹ́ẹ́rẹ́ bí okùn. Nígbà tí tẹ́mósítáàtì ṣí, gbùú báyìí, gbogbo ohun tó wà nínú àrọ rì lẹ́ẹ̀kan! Ọkàn mi fò, mo rò pé họ́ọ̀sì ti já.

Lítà 1 àti ìdá mẹ́rin nínú mẹ́wàá ló wọ inú rẹ̀. Fáànù yí, ó dúró, ó tún yí. Híítà gbóná débi pé mo ní láti ṣí wíńdò. Mo wọn epo gíà nígbà tí ẹ́ńjìnnì ń dún, bí ìwé ọkọ̀ ṣe sọ, ó fi díẹ̀ lọ sílẹ̀, mo bù sí i. Mo wà á fún ìdajì wákàtí, àárín ni ọwọ́ gééjì wà, kò mì.

ỌmọỌlọ́kọ̀Tuntun (Àìkú, 3:30 ọ̀sán)

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ìdérí àtijọ́ lẹ tún lò ni? Kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ ìdérí.

BàbáSípánà (Àìkú, 4:02 ìrọ̀lẹ́)

O ṣe é, ọmọ yìí, mo gbàgbé rẹ̀. Ìdérí yẹn kì í ṣe ọmọrí ìkòkò lásán. Fáàfù méjì ló wà nínú rẹ̀. Èyí tó tóbi ń di prẹ́ṣọ̀ mú, bó bá pọ̀ jù á jẹ́ kó sá lọ sínú ike. Kékeré àárín rẹ̀ ni omi ń gbà padà láti inú ike nígbà tí ẹ́ńjìnnì bá ń tutù. Bí kékeré yẹn bá lẹ̀, omi ò ní lè padà, ẹ́ńjìnnì á máa fa inú ara rẹ̀. Awakọ̀Jẹ́jẹ́, ní àárọ̀ ọ̀la kó o tó tan ọkọ̀, fọwọ́ kan họ́ọ̀sì òkè, kó o sọ bó ṣe rí.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Ajé, 6:41 àárọ̀)

Ó fún pọ̀ pẹlẹbẹ bí bẹ́líìtì. Mo tú ìdérí, ó fa afẹ́fẹ́ "ṣìì", họ́ọ̀sì wú padà lójú mi. Ìdérí àtijọ́ ni mo lò lóòótọ́.

Awakọ̀Jẹ́jẹ́ (Ìṣẹ́gun, 6:50 àárọ̀)

Mo ti ra ìdérí tuntun, 1.1 náà ni wọ́n kọ sí i. Láàárọ̀ yìí họ́ọ̀sì dúró roboto, omi inú ike sì wà lórí àmì níbi tí mo fi í sí lálẹ́ àná.